Àdùkẹ́ nínú ìwé ẹ̀rí ìbí: ṣé oríkì lè di orúkọ ọmọ?

Oríkì ti ń di orúkọ. Àdùkẹ́, Àṣàkẹ́, Àbẹ̀kẹ́, Àyìndé, Àkànní, àwọn tí ìyá àgbà fi ń gẹ ọmọ nígbà tó bá ń wẹ̀ ẹ́, ni àwọn òbí kan ń kọ sí ipò kìíní nínú ìwé ẹ̀rí ìbí báyìí, ní Èkó àti Ìbàdàn, àti lọ́dọ̀ àwọn ọmọ wa tó wà ní Lọ́ńdọ̀nù àti Houston. Bí orúkọ náà bá ti dé etí àwọn tó wà nílé, àríyànjiyàn bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Bàbá àgbà á ní, "Oríkì lẹ dá yìí o. Kí wá ni orúkọ rẹ̀ gan-an?" Ìyá ọmọ á dáhùn pé, "Bàbá, orúkọ rẹ̀ náà nìyẹn." Ẹ̀gbọ́n bàbá ọmọ á tún gba ibòmíràn yọ: báwo ni Àdùkẹ́ nìkan ṣe máa jẹ́ oríkì, nígbà tí oríkì ilé wọn gùn débi pé ẹni tó ń kì í á dúró mu omi láàrin?

Kò sí ẹni tó purọ́ nínú wọn. Nǹkan ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni kálukú ń sọ.

Ohun méjì ni a ń pè ní oríkì. Ọ̀kan jẹ́ ti ìdílé tàbí ti ìlú, òun ni oríkì orílẹ̀. Ẹni tó bá jẹ́ ọmọ Ìkòyí, wọ́n á kì í ní ọmọ Ẹ̀ṣọ́ tí kì í gbọfà lẹ́yìn. Ọmọ Ọ̀fà á gbọ́ Ìyèrú Ọ̀kín, kí wọ́n tó dórí ìjàkadì tó jẹ́ orò wọn. Àwọn Òpómúléró náà ní tiwọn. Gbogbo ọmọ ilé ló ni ín, láti orí ọmọ ọwọ́ títí dé orí baálé. Ìtàn ogun wà nínú rẹ̀, ìtàn ibi tí wọ́n ti ṣí wá wà níbẹ̀, ẹ̀fẹ̀ wà níbẹ̀, àní èébú díẹ̀ pàápàá kì í ṣàìsí níbẹ̀.

Èkejì ni orúkọ oríkì, ẹyọ ọ̀rọ̀ kan tí wọ́n fún ọmọ kan lọ́jọ́ tó dé ayé. Èyí ni Àdùkẹ́, èyí ni Àkànní. Àwọn méjèèjì máa ń rìn pọ̀: bí ìyá àgbà bá ń kí ọmọ láàárọ̀, "Àkànní" ni á kọ́kọ́ jáde lẹ́nu rẹ̀, "ọmọ Ẹ̀ṣọ́ Ìkòyí" á tẹ̀ lé e, ibẹ̀ ni wọ́n á sì ti máa bá a lọ títí ọmọ á fi máa rẹ́rìn-ín. Nítorí náà, bí ẹnìkan bá bi yín léèrè pé, "Kí ni oríkì yín?", ẹ kọ́kọ́ bi í pé èwo ló ń béèrè. Ẹyọ ọ̀rọ̀ kan yẹn ni mò ń bá lọ láti ibí yìí.

Ó tún yẹ kí a yà á sọ́tọ̀ kúrò lára àwọn orúkọ yòókù, torí àwọn tó ń wá orúkọ ọmọ lórí íntánẹ́ẹ̀tì máa ń rí gbogbo rẹ̀ nínú agbọ̀n kan náà. Orúkọ àmútọ̀runwá ni èyí tí ọ̀nà tí ọmọ gbà wáyé ti sọ ọ́ kí òbí tó lanu: Táíwò àti Kẹ́hìndé, Ìdòwú tó tẹ̀ lé ìbejì, Ìgè tó fi ẹsẹ̀ wáyé, Dàda tí irun rẹ̀ ta kókó. Orúkọ àbísọ ni èyí tí òbí rò kí wọ́n tó sọ, tí ó ń sọ nípa ìdílé, ìgbà, ìgbàgbọ́ tàbí àdúrà: Adéwálé, Ayọ̀délé, Ọláńrewájú. Ti àbíkú wà, bíi Málọmọ́ àti Kòkúmọ́. Kasimaawo tí ó wà lára orúkọ Olóyè M.K.O. Abíọ́lá wà ní ẹ̀gbẹ́ yẹn náà, ìtumọ̀ rẹ̀ ni "ẹ jẹ́ ká ṣì máa wò ó", torí òun ni ọmọ kẹtàlélógún tí bàbá rẹ̀ bí, òun sì ni àkọ́kọ́ tó dúró. Lẹ́yìn náà ni àlàjẹ́, tí àwọn mìíràn ń pè ní ìnagijẹ. Èyí ni orúkọ tí ènìyàn fúnra rẹ̀ gbé wọ̀ tàbí tí ẹgbẹ́ àti àwọn ìyàwó ilé sọ ọ́. Fẹlá sọ ara rẹ̀ ní Aníkúlápó ní àárín àwọn ọdún 1970. Adúmáadán, Eyínfúnjowó, Ìbàdíàrán, lẹ́nu àwọn ìyàwó ilé ni irú wọn ti ń wá, torí ìyàwó kì í pe ọmọ tó bá nínú ilé ọkọ lórúkọ, bí ọmọ náà tilẹ̀ kéré sí i lọ́jọ́ orí.

Àlàjẹ́ ń dé bí ènìyàn bá ti dàgbà tí ìwà tàbí ẹwà rẹ̀ ti hàn. Orúkọ oríkì ń dé nígbà tí kò tíì sí ohun tí ọmọ ṣe.

Bí wọ́n ṣe hun ún

Ẹ pè wọ́n sókè kí ẹ gbọ́ wọn: Àdùkẹ́. Àbẹ̀bí. Àṣàkẹ́. Àkànní. Àyìndé. Àtàndá. Àdìsá. Àlàbí. Dò-dò-mí ni gbogbo wọn: ohùn ìsàlẹ̀, ohùn ìsàlẹ̀, ohùn òkè. Àwọn kan yà díẹ̀, Àjọkẹ́ jẹ́ dò-re-mí, Àjíkẹ́ àti Àgbékẹ́ jẹ́ dò-mí-mí, ṣùgbọ́n ìpìlẹ̀ kan náà ni: "à" níwájú, ọ̀rọ̀-ìṣe kan, ọ̀rọ̀-ìṣe mìíràn. Ìró mẹ́ta péré. Ẹni tó bá ti gbọ́ mẹ́wàá nínú wọn lè dá ìkọkànlá mọ̀ láìjẹ́ pé ẹnìkan ṣàlàyé fún un.

Ibi tí adùn wọn wà gan-an ni ohun tí àwọn ọ̀rọ̀-ìṣe yẹn ń sọ. Àbẹ̀bí: a bẹ̀bẹ̀ kí a tó bí i. Àbẹ̀ní: a bẹ̀bẹ̀ kí a tó ní in. Àṣàkẹ́: a ṣà á láàrin ọ̀pọ̀ láti kẹ́ ẹ. Àjọkẹ́: gbogbo wa la jọ ń kẹ́ ẹ, kì í ṣe ìyá rẹ̀ nìkan. Àmọ̀kẹ́: a mọ̀ ọ́n, a sì ń kẹ́ ẹ. Àdùkẹ́: à ń du ẹni tó máa kẹ́ ẹ, ọwọ́ yìí ń fà á, ọwọ́ tọ̀hún ń gbà á. Àjàní: a jà kí a tó ní in. Àjàgbé: a jà, a gbé e. Àyìndé: a yìn ín, ó dé. Àwẹ̀ró ni mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo wọn, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé n kò gbọ́ kí ọ̀dọ́ òbí kan máa du òun: a wẹ̀ ẹ́ tán, a ró aṣọ fún un. Ìyá kan tó ń ṣe ọmọ rẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́ ló wà nínú ọ̀rọ̀ yẹn látòkè délẹ̀.

Ẹ wo ohun kan. Nínú orúkọ àbísọ, adé ni ó ń wálé, ọlá ni ó ń rewájú, ayọ̀ ni ó ń délé. Nínú orúkọ oríkì, ẹni tó ń ṣe nǹkan ni àwọn tó bí ọmọ. Àwọn ni wọ́n bẹ̀bẹ̀, àwọn ni wọ́n jà, àwọn ni wọ́n ṣà, àwọn ni wọ́n ń kẹ́. Ọmọ kò ṣe ju pé ó dé lọ. Nígbàkígbà tí wọ́n bá sì pè é, wọ́n ń sọ fún un bí wọ́n ṣe fẹ́ ẹ tó. N kò rò pé a ní irú orúkọ mìíràn tó ń ṣe iṣẹ́ yẹn ní ìró mẹ́ta.

Kì í ṣe gbogbo wọn ni ìtumọ̀ wọn tẹ́jú báyìí o. Lórí Àtàndá, Àdìsá àti Àyìnlá, àwọn àgbà pàápàá kì í fẹnu kò, kálukú ló ń tú u bí wọ́n ṣe tú u fún un nílé. Bí ẹ bá rí àkójọ orúkọ tó fi ìgboyà túmọ̀ gbogbo oríkì sí gbólóhùn kan tó dán, tí kò sí ọ̀kan tó rú u lójú bíńtín, ẹ fura sí i.

Ọkùnrin ni àbí obìnrin?

Púpọ̀ nínú orúkọ àbísọ wa ni ọkùnrin àti obìnrin lè jẹ́. Olúwaṣeun, Ọpẹ́yẹmí, Tèmítọ́pẹ́, ẹ kò lè mọ ẹni tó ń bọ̀ títí á fi wọlé. Orúkọ oríkì kò rí bẹ́ẹ̀. Ó máa ń sọ bóyá ọkùnrin ni tàbí obìnrin. Ọ̀rọ̀-ìṣe àárín lè jẹ́ ọ̀kan náà, kí ìparí wá pín wọn níyà: Àkànní àti Àkànbí jẹ́ ọkùnrin, Àkànkẹ́ jẹ́ obìnrin. Àyìndé àti Àyìnlá jẹ́ ọkùnrin, Àyìnkẹ́ jẹ́ obìnrin. Àlàní, Àlàmú, Àlàó, Àlàbí, ọkùnrin ni gbogbo wọn. Àlàkẹ́ ni ti obìnrin. Bí ó bá parí sí "kẹ́", obìnrin ni. "Bí" àti "ní" ni ẹ ní láti ṣọ́ra fún, torí wọ́n wà níhà méjèèjì: Àkànbí jẹ́ ọkùnrin, Àṣàbí jẹ́ obìnrin, Àjàní jẹ́ ọkùnrin, Àbẹ̀ní jẹ́ obìnrin.

Wọ́n máa ń sọ pé agbára àti akin ni wọ́n fi ń ki ọkùnrin, ìkẹ́ àti ìyìn ni wọ́n fi ń ki obìnrin. Òótọ́ ni, ẹ sá wo Àjàgbé àti Àjàmú. Ṣùgbọ́n ẹ tún wo ẹni tó ń jà: àwọn òbí ni. Ọmọkùnrin tí wọ́n pè ní Àjàní kò tíì bá ẹnikẹ́ni jà.

Ẹ máa rántí èyí bí ẹ bá gbọ́ orúkọ olórin tí gbogbo ayé mọ̀ sí Asake. Ahmed Ololade ni orúkọ rẹ̀, ọkùnrin ni, Àṣàkẹ́ sì ni orúkọ ìyá rẹ̀ tó mú. Ìdí nìyẹn tí àwọn àgbàlagbà fi ń ṣe kàyéfì bí wọ́n bá kọ́kọ́ gbọ́ pé ọkùnrin ni Àṣàkẹ́. Àwọn ọmọ tí wọn kò gbé nílé lè wá máa rò pé oríkì ọkùnrin ni. Ẹni tó bá fẹ́ sọ ọmọkùnrin rẹ̀ ní Àṣàkẹ́ nítorí pé orin náà dùn, ó yẹ kó mọ ohun tí àwọn ìyá àgbà máa sọ.

Àwọn tó jọ oríkì tí wọn kì í ṣe oríkì

Àlàbá àti Àlàbí kì í ṣe tẹ̀gbọ́n-tàbúrò. Àmútọ̀runwá ni Àlàbá, ọmọ tí wọ́n bí tẹ̀ lé Ìdòwú. Orúkọ oríkì ni Àlàbí. Àjàyí náà, ìrísí rẹ̀ bá ti oríkì mu dáadáa, ṣùgbọ́n àmútọ̀runwá ni, ọmọ tó dojú bolẹ̀ wáyé, ó sì tún ní oríkì tirẹ̀ lọ́tọ̀ tí gbogbo Àjàyí ń jẹ: ògídí olú, oníkanga àjípọn. Fọlákẹ́ parí sí "kẹ́", ṣùgbọ́n àbísọ ni, wọ́n fi ọlá kẹ́ ẹ. Àrẹ̀mú jẹ́ oríkì, òun ló wà láàrin àwọn orúkọ Olóyè Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ àti ti Olóyè Ebenezer Obey. Àrẹ̀mọ ní tirẹ̀ jẹ́ àkọ́bí ọkùnrin ọba, oyè sì ni.

Ẹni tí ìṣòro yìí máa ń bá jù ni ẹni tí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ láìfi àmì ohùn sí i, bí ó ti wà nínú ìwé ìrìnnà gbogbo wa. "Alake" lè jẹ́ Àlàkẹ́, oríkì obìnrin, bíi ti olóògbé Bàtílì Àlàkẹ́ tó kọ wákà káàkiri ilẹ̀ Yorùbá. Ó sì lè jẹ́ Aláké, ọba Ẹ̀gbá. "Alade" lè jẹ́ Àlàdé, oríkì ọkùnrin, ó sì lè jẹ́ Aládé, ẹni tó ni adé. Ọmọ tí wọ́n bí sí Manchester tí kò gbọ́ orúkọ rẹ̀ lẹ́nu Yorùbá rí á ka àwọn lẹ́tà yẹn bí olùkọ́ rẹ̀ ṣe kà á. Bí ẹ bá máa fi oríkì ṣe orúkọ ọmọ lókè òkun, ẹ gba ohùn ìyá àgbà sórí fóònù, kó pè é ní ẹ̀ẹ̀mẹ́ta, kí ẹ tọ́jú rẹ̀. Àǹfààní rẹ̀ ju ti ìwé tí wọ́n ya orúkọ sí lọ.

Ẹni tó ń pè é

Lọ́jọ́ kẹjọ, bí wọ́n bá ń sọmọ lórúkọ, bàbá àti ìyá á dárúkọ, bàbá àgbà á dárúkọ, àwọn ẹ̀gbọ́n àti àna á ju owó sínú abọ́ omi, wọ́n á dá tiwọn. Orúkọ lè di mẹ́wàá kí oòrùn tó là. Orúkọ oríkì kì í pọ̀ bẹ́ẹ̀, ẹyọ kan ló máa ń jẹ́, lẹ́nu ìyá àgbà tàbí àgbà obìnrin mìíràn nínú ilé ló sì ti sábà máa ń wá. Ìgbà mìíràn, ó ti wà lẹ́nu ìyá tó ń wẹ ọmọ kí ọjọ́ kẹjọ tó pé. Wọ́n lè wo bí oyún àti ìbí ṣe rí, wọ́n lè wo ẹni tó ti kú tí ọmọ náà jọ. Ilé mìíràn wà tí oríkì kan ti mọ́ wọn lára tí wọ́n á kàn máa tún un fún ọmọ.

Ibi tí àṣà yìí ti rinlẹ̀ jù ni ilẹ̀ Ọ̀yọ́ àti àwọn tó bá wọn tan, Ìbàdàn, Ọ̀ṣun, Òkè-Ògùn, Ìbàràpá, títí dé Ẹ̀gbá àti Kwárà. Ní apá Èkìtì àti Oǹdó, kò gbilẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má rò pé ọmọ Èkìtì tí kò ní Àkànní tàbí Àdùkẹ́ ti sọ àṣà nù.

Òfin pàtàkì kan wà tí àwọn tó ń fi oríkì ṣe orúkọ kì í sábà gbọ́. Àgbà ló ń pe ọmọdé ní oríkì. Ọmọdé tó bá dúró níwájú ẹni tó jù ú lọ tó pè é ní Àjàní, ó rí i fín. Alùfáà Samuel Johnson, tó ṣe pásítọ̀ ní Ọ̀yọ́, tó kú ní 1901, tí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ kò jáde títí di 1921, kọ òfin yìí sílẹ̀ kedere. Ó sì kọ ohun kan mọ́ ọn tó yẹ kí àwọn bàbá àgbà tó ń bínú gbọ́: ó ní àwọn ọmọ kan wà tí oríkì wọn gbajúmọ̀ débi pé àwọn fúnra wọn kò mọ orúkọ wọn gan-an. Nígbà ayé Johnson nìyẹn o. Oríkì tó gba ipò orúkọ ti wà kí a tó bí ẹnikẹ́ni tó ń jiyàn lórí rẹ̀ lónìí.

Wọ́n kàn máa ń fi ọgbọ́n pè é ni. Ìyá tí ọmọ rẹ̀ ń ké á pe oríkì rẹ̀ kó lè dákẹ́. Ẹni tó fẹ́ rán ọmọ níṣẹ́ ní òru tí òtútù mú á kọ́kọ́ pe oríkì rẹ̀. Ìyàwó tó fẹ́ tọrọ nǹkan á ní, "Àkànní, ọkọ mi," ọkọ á ti mọ̀ pé owó ń bọ̀ wá jáde. Bàbá tó bá fẹ́ bá ọmọ wí, orúkọ àbísọ ló máa fi pè é, á sì pè é tán pátápátá, láti Olú títí dé ìparí. Ọmọ tó bá gbọ́ "Oluwaṣẹgunfunmi" láti inú yàrá mọ̀ pé ohun kan ti bàjẹ́. Èyí tó bá gbọ́ "Àjàní" á sáré wá.

Ìdí tí àwọn òbí fi ń fẹ́ ẹ

Ó kúrú. Ìyẹn hàn, a kò ní pẹ́ lórí rẹ̀.

Ohun tó wúwo jù ni pé oríkì kò bá ẹ̀sìn kankan jà. Orúkọ àbísọ ni ogun ẹ̀sìn ti jà jù nílẹ̀ wa: ẹni tó ń jẹ́ Ifá tẹ́lẹ̀ di Olú, ẹni tó ń jẹ́ Ògún di Jésù, àwọn mìíràn sì gé iwájú orúkọ bàbá wọn sọ nù. Kò sí ẹni tó fọwọ́ kan Àyìndé. Kò dárúkọ òrìṣà, kò dárúkọ Olúwa, kò dárúkọ Ọba Allah. Ẹ wo Síkírù Àyìndé Barrister, Àyìnlá Ọmọwúrà ará Abẹ́òkúta, Sàláwà Àbẹ̀ní: Mùsùlùmí ni wọ́n, oríkì wọn sì wà lórí rẹ́kọ́ọ̀dù wọn gbangba. Obey tó jẹ́ Kristẹni ní Àrẹ̀mú. Aláàfin Láàmídì Adéyẹmí Kẹta, tó jọba láti 1970 títí ó fi wàjà ní 2022, Àtàndá ni oríkì rẹ̀, "Ikú Bàbá Yèyé, Àtàndá" ni àwọn akéwì sì ń pè é. Bí ọkọ bá jẹ́ Mùsùlùmí tí ìyàwó jẹ́ Kristẹni, wọ́n lè jiyàn lórí gbogbo orúkọ yòókù, kí wọ́n pàdé lórí Àdùkẹ́ láìsí ìjà.

Fún àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà tó ń wá orúkọ Áfíríkà, Àbẹ̀ní àti Àyìndé wà nínú àwọn tó ti dé ọ̀dọ̀ wọn. Wọn kò ní ìdílé Yorùbá kan pàtó tí wọ́n lè tọ́ka sí, tí wọ́n fi máa jẹ́ Adé tàbí Ayàn. Oríkì kò béèrè ìdílé. Ọmọ tí ẹnìkan bẹ̀bẹ̀ fún kí ó tó ní in nìkan ló béèrè fún.

Ṣé kí a kọ ọ́ sílẹ̀ àbí kí a máa pè é nílé?

Ohun tó ń kọ mí lóminú kì í ṣe pé oríkì kì í ṣe orúkọ. Bí wọn kò bá jẹ́ orúkọ, àwọn ìdílé tó ń jẹ́ Àjàní, Àlàbí, Àkàndé, Àdìsá àti Àlàó lónìí kò ní sí. Nígbà tí ilé ìwé ní kí ọmọ kọ orúkọ bàbá rẹ̀, oríkì bàbá ni àwọn mìíràn mọ̀, òun ni wọ́n kọ, ó sì di orúkọ ìdílé.

Ohun tó ń kọ mí lóminú ni iṣẹ́ tí oríkì ń ṣe. Bí ọmọ yín bá ń jẹ́ Àdùkẹ́ nínú ìwé, gbogbo ayé ló máa pè é ní Àdùkẹ́. Tíṣà á ní, "Àdùkẹ́, dìde dúró!" Akọ̀wé báǹkì tó kéré sí i lọ́jọ́ orí á pè é lórí ìlà. Bí inú bá bí yín, ohun tí ẹ máa fi pariwo mọ́ ọn náà nìyẹn. Nígbà tó bá fi máa di ọmọ ọdún mẹ́wàá, etí rẹ̀ ti gbọ́ ọ nínú ìbáwí ju bó ṣe gbọ́ ọ nínú ìkẹ́ lọ, orí rẹ̀ kò sì ní wú mọ́ bí ìyá àgbà bá pè é. Kí ni ìyá àgbà máa wá fi gẹ̀ ẹ́?

Nítorí náà, ibi tí ẹ ń gbé ni ìmọ̀ràn mi dá lé. Bí ẹ bá wà ní Ìbàdàn tàbí Ọ̀yọ́, tí ìyá àgbà wà nílé, tí ẹ̀gbọ́n bàbá ọmọ ń wọlé jáde, ẹ sọ ọmọ ní àbísọ, kí ẹ jẹ́ kí oríkì wà lẹ́nu àwọn tó ni ín. Kò nílò ìwé. Bí ẹ bá fẹ́ kọ ọ́, ẹ kọ ọ́ sí àárín. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá wà níbi tí kò sí ẹni tó máa pe oríkì ọmọ yẹn láti òwúrọ̀ di alẹ́ àyàfi ẹ̀yin méjèèjì, tí ọmọ yóò lọ ilé ìwé láàrin àwọn tí kò gbọ́ Yorùbá, oríkì tí ẹ kò bá kọ sílẹ̀ lè má dé ọ̀dọ̀ ọmọ-ọmọ yín. Níbẹ̀, ẹ gbé e síwájú bí ẹ bá fẹ́. Kí tíṣà máa pè é ní Àdùkẹ́ sàn ju kí ẹnikẹ́ni má pè é rárá.

Bí ẹ bá sì ti gbé e síwájú, ẹ jẹ́ kí ìyá àgbà wá àpèlé mìíràn fún un. Àwọn ìyá wa mọ èyí ṣe láìjẹ́ pé ẹnìkan kọ́ wọn.

Ẹ má kánjú lórí ìwé náà. Ní Ẹ́ńgìláǹdì àti Wales, ọjọ́ 42 ni òfin fún òbí láti forúkọ ìbí sílẹ̀, nígbà tí ọjọ́ kẹjọ tiwa ti kọjá tipẹ́. Ẹ ṣe ìsọmọlórúkọ yín, ẹ fi fídíò pe àwọn tó wà nílé, ẹ gbọ́ oríkì tí wọ́n fún ọmọ, kí ẹ tó lọ kọ nǹkan sínú ìwé ìjọba. Mo ti gbọ́ nípa òbí tó kọ Àbẹ̀bí sílẹ̀ láti orí íntánẹ́ẹ̀tì, tí ìyá àgbà sì ti fún ọmọ náà ní Àlàkẹ́ láti ọjọ́ tó ti gbọ́ pé wọ́n bí i. Ìyá àgbà kò yí tirẹ̀ padà o.

Ẹni tó ti dàgbà tí kò ní oríkì ńkọ́? Wọ́n lè fún un. Susanne Wenger, ayàwòrán tí wọ́n bí sí ìlú Graz ní Austria ní 1915, ti di àgbàlagbà kó tó dé Nàìjíríà, síbẹ̀ Àdùnní Olórìṣà ni Òṣogbo mọ̀ ọ́n sí títí ó fi kú ní 2009. Bí ó bá jẹ́ pé bàbá yín kò fún yín ní oríkì, tàbí ó fún yín tí ẹ̀yin kò gbọ́, ẹ bi ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin. Bí kò bá sí, ẹ bi àgbà tó kù nínú agbo ilé. Ó ṣeé ṣe kí ó ti máa fi pè yín láti ọjọ́ yìí, kí ẹ̀yin máa rò pé ó ń ṣàdúrà.